Kọ̀ǹpútà Ìyàwó Wa Ń Súfèé, Mo Dákẹ́

Ẹ jọ̀ọ́, kí ẹ tó dá mi lẹ́jọ́, ẹ kà á dé ìparí. Kì í ṣe pé mo fẹ́ kí ẹ bá mi kẹ́dùn. Ohun tí mo ṣe kọjá bẹ́ẹ̀. Àmọ́ mo mọ̀ pé obìnrin bíi tèmi pọ̀ nílé ọkọ, tí ẹ̀rín wà lẹ́nu wọn tí iná sì ń jó nínú wọn. Àwọn ni mò ń bá sọ̀rọ̀.

Ọkùnrin méjì ni ìyá ọkọ mi bí. Ọkọ mi ni àgbà. Àbúrò rẹ̀ ni mò ń pè ní Ọkọ Kékeré láti ọjọ́ tí mo ti wọlé. Ilé kan náà ni gbogbo wa ń gbé, Màmá sì wà pẹ̀lú wa.

Ẹnikẹ́ni kì í kọ nǹkan sílẹ̀ nínú ilé yẹn. Èmi ni wọ́n máa ń sọ ọ́ fún. Kọ́kọ́rọ́ tó ń ṣí àpótí, oògùn tí Màmá kò gbọdọ̀ lò, ọdún tí wọ́n pààrọ̀ páànù orí ilé, orí mi ni gbogbo rẹ̀ wà. Kò sẹ́ni tó kọ́ mi. Ọgbọ́n tí mo ń dá ni pé mo máa ń so ohun tí mo bá fẹ́ rántí mọ́ àwọn ará ilé, kó má bàa sọnù. Ni wọ́n bá sọ mí ní Ìyá Ìrántí. Bí àríyànjiyàn bá bẹ́ sílẹ̀, ọkọ mi á kàn ní, "Ẹ bi Ìyá Ìrántí." Ohun tí mo bá ti sọ, abẹ gé e.

Mo ní kọ̀ǹpútà kan ní yàrá iwájú. Ìgbà tí kọ̀ǹpútà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ ilé àwọn èèyàn ni mò ń sọ, nígbà tí ojú rẹ̀ dúdú bí ìdí ìkòkò, tí lẹ́tà inú rẹ̀ sì jẹ́ àwọ̀ ewé. Mo ń fi í tẹ lẹ́tà fún àwọn oníbàárà. Inú ìwé tó bá a wá ni mo ti fúnra mi kọ́ ọ. Màmá á gbé àga rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, á máa wo bí lẹ́tà ṣe ń tò, á ní, "Ìyàwó mi, kí lo kọ síbẹ̀ yẹn?" Màá kà á fún un. Ọkàn mi á balẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni Ọkọ Kékeré gbéyàwó.

N kò ní parọ́ mọ́ ọn, ọmọ dáadáa ni. Àǹtí ló ń pè mí. Èmi ni mo kọ́ ọ ní títẹ̀wé. Àmọ́ lẹ́tà kò wù ú, àwòrán ló ń wù ú. Á máa fi àmì ìràwọ̀ àti àmì ìròpọ̀ to òdòdó sójú kọ̀ǹpútà mi.

"Àǹtí, ẹ wò ó. Ká ní ó lè pupa ni!"

Mo ní, "Ìyàwó, kọ̀ǹpútà kì í ṣe aṣọ aláràbarà."

A jọ rẹ́rìn-ín. Ọkọ Kékeré tó wà lẹ́nu ọ̀nà kò rẹ́rìn-ín. Ó lọ ta alùpùpù rẹ̀.

Àlòkù kọ̀ǹpútà ló fi owó rẹ̀ rà fún ìyàwó rẹ̀, pẹ̀lú mónítọ̀ aláwọ̀, ìyẹn ojú tí a ń wò. Ó tún ra pátákó pẹlẹbẹ kan tí wọ́n ń kì bọ inú kọ̀ǹpútà. Káàdì ni wọ́n ń pè é. Òun ló ń jẹ́ kí kọ̀ǹpútà lè gbé àwòrán aláwọ̀ jáde.

Ọkùnrin tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní òpópónà kejì, tí gbogbo wa ń pè ní Ẹńjiníà, ló tà á fún wọn, òun náà ló sì wá bá wọn fi í sí i. Ó tú ìdérí, ó ki káàdì bọ àlàfo rẹ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ̀ ẹ́ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́ títí tó fi jókòó. Ó tan iná.

Ẹ̀yin èèyàn, ńṣe ni yàrá náà yí padà. Pupa yọ, búlúù yọ, òmíràn rí bí ọsàn tó pọ́n, òmíràn bí ojú ọ̀run nígbà tí òjò bá fẹ́ rọ̀.

"Mẹ́rìndínlógún ni gbogbo wọn," ni Ẹńjiníà wí, tó ń nu òógùn.

"Mẹ́rìndínlógún!" Màmá ké. "Èmi tí mo dàgbà tó báyìí, mi ò mọ orúkọ àwọ̀ tó bẹ́ẹ̀."

Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń pe ìyàwó wa ní Aláwọ̀ Mẹ́rìndínlógún. Wọ́n rò pé àpọ́nlé ni. Èmi nìkan ni mo mọ ohun tó wà lábẹ́ ahọ́n mi.

Kí Ẹńjiníà tó lọ, ó pè mí sẹ́yìn kọ̀ǹpútà náà.

"Ìyá Ìrántí, ẹ sún mọ́ ibí. Ẹ̀yin ni màá fi èyí sí níkàáwọ́."

Níbi tí ìdí káàdì ti yọjú síta, súìṣì mẹ́rin wà níbẹ̀ tí kò ju hóró ìrẹsì lọ.

"Àwọn wọ̀nyí ló ń sọ fún káàdì irú mónítọ̀ tó wà níwájú rẹ̀. Mónítọ̀ tẹ́ ẹ ní yìí, ti àtijọ́ díẹ̀ ni. Ẹ̀kíní gbọ́dọ̀ wà nísàlẹ̀, kí mẹ́ta yòókù wà lókè. Bí wọ́n bá purọ́ fún káàdì pé ojú tuntun ló wà níwájú, káàdì á máa rán ohun tí agbára mónítọ̀ yìí kò gbé sí i. Mónítọ̀ á wá máa súfèé."

"Á máa súfèé bí èèyàn?" Màmá bi í láti orí àga.

"Ó tín-ín-rín ju ti èèyàn lọ, Màmá. Bó bá ti ń súfèé, kí ẹ pa á lójú ẹsẹ̀. Bí ẹ bá fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ó jóná nìyẹn."

Mo tò ó sórí bí mo ṣe máa ń ṣe. Mo ní, "Ẹ̀kíní ni Màmá, wọ́n jókòó. Ọkọ mi dúró, Ọkọ Kékeré dúró, ìyàwó dúró. Ó ti wọlé."

Màmá bú sẹ́rìn-ín. "Ṣé orúnkún mi ti wá burú tó bẹ́ẹ̀, tí n kò lè dìde dúró nínú kọ̀ǹpútà pàápàá?"

Ìyàwó wa kò fetí sí ọ̀kankan nínú rẹ̀. Ojú rẹ̀ kò kúrò lára àwọ̀. Ó kàn sọ láìwẹ̀yìn pé, "Àǹtí á bá mi rántí."

Lọ́jọ́ kejì, Màmá gbé àga rẹ̀ kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó gbé e sọ́dọ̀ rẹ̀.

Mo ṣe bí ẹni ń ṣeré. Mo ní, "Màmá, ẹ ò jókòó sọ́dọ̀ mi mọ́?"

"Ìyàwó mi, lẹ́tà tìrẹ, mo ti mọ gbogbo rẹ̀. 'Mo kọ ìwé yìí láti fi tó yín létí.' Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo wọn ń bẹ̀rẹ̀."

Ìyàwó wa rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Inú mi ń ta mí bí ẹni fi ata sójú egbò.

Ó wá ń burú sí i. Ẹni tó bá wá tẹ lẹ́tà lọ́dọ̀ mi á lọ dúró sẹ́yìn rẹ̀, á máa wo àwòrán, á gbàgbé lẹ́tà. Mo gbìyànjú láti rí àléébù síṣẹ́ rẹ̀. Mo ní, "Ìyàwó, pupa yẹn ti pọ̀ jù." Ó dín in kù, àwòrán náà sì tún dára ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Màmá ní, "Ẹ wá wò ó!" Mo jáwọ́ nínú ìmọ̀ràn.

Ohun tó ń dùn mí jù ni ìrọ̀lẹ́. Ọkọ Kékeré á ti ibi iṣẹ́ dé pẹ̀lú eruku lẹ́sẹ̀, nítorí kò ní alùpùpù mọ́. Kò ní tíì bọ́ bàtà tí á fi lọ dúró sẹ́yìn ìyàwó rẹ̀, á gbé ọwọ́ lé e léjìká, á ní, "Kí la yà lónìí?" Ẹ gbọ́, kò ní "Kí lo yà." Kí la yà. Lẹ́tà tí mò ń tẹ̀ á di kìkì àṣìṣe.

Mo kojú ọkọ mi. "Ra irú káàdì yẹn fún èmi náà."

"Kí lo fẹ́ fi ṣe? Ṣé lẹ́tà tí ò ń tẹ̀ ń béèrè àwọ̀ ni?"

"Àbúrò rẹ ta alùpùpù nítorí ìyàwó tirẹ̀."

"Àbúrò mi ń fẹsẹ̀ rìn lọ síbi iṣẹ́. Ṣé o fẹ́ kí èmi náà máa fẹsẹ̀ rìn ni?"

Mo padà sídìí lẹ́tà mi. Àmọ́ ẹ̀yin ni mò ń bá sọ̀rọ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́. Bẹ́ẹ̀ ni, mo fẹ́ kó máa fẹsẹ̀ rìn. Mo fẹ́ kí bàtà tirẹ̀ náà jẹ nídìí nítorí mi.

Báyìí la wà tí obìnrin kan fi wá tẹ lẹ́tà. Oníbàárà tèmi ni o. Ilé iṣẹ́ tó ń ṣe táìlì ilẹ̀ ló ń bá ṣiṣẹ́. Mo ti tẹ lẹ́tà náà dé ìdajì nígbà tí ojú rẹ̀ ṣáko lọ sọ́dọ̀ ìyàwó wa.

"Ta ló ya èyí?"

"Ìyàwó wa ni," ni mo fèsì.

"Ṣé ó lè ya irú rẹ̀ tí a óò tẹ̀ sára táìlì?"

"Ó lè yà á." Ẹnu tèmi ló sọ ọ́. Títí di òní ni mo ṣì ń ṣe háà sí ẹnu náà.

Obìnrin onítáìlì ní òun àti ọ̀gá òun á padà wá ní Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀. Bí àwòrán bá tẹ́ ọ̀gá lọ́rùn, gbogbo iṣẹ́ àwòrán ọdún náà di ti ìyàwó wa. Bó ṣe jáde báyìí ni ìyàwó wa dì mọ́ mi.

"Àǹtí, ẹ̀yin lẹ fà wọ́n wá! Tí iṣẹ́ yìí bá bọ́ sí i, alùpùpù ọkọ mi á padà wálé. Lójoojúmọ́ ni ẹsẹ̀ rẹ̀ ń wú, kì í kàn sọ ni."

Mo ní, "Ọlọ́run á ṣe é." Ọrùn mi le gbagidi lọ́wọ́ rẹ̀.

Màmá ní a gbọ́dọ̀ kun yàrá kí àlejò tó dé. Ó ní ọ̀gá ilé iṣẹ́ kò lè wá bá ògiri tó rí bí ojú ẹlẹ́kún. Ọkọ Kékeré bá gba kọ̀ǹpútà náà mú láti ẹ̀yìn, ó gbé e lọ sí yàrá inú. Nígbà tí ọ̀dà gbẹ, ó gbé e padà, ó sì fẹsẹ̀ rìn lọ síbi iṣẹ́. Ọjọ́bọ̀ náà gan-an nìyẹn.

Ìyàwó wa tan iná. Lẹ́tà tó yọ tóbi bí àtàǹpàkò ẹsẹ̀, kò sì sí àwọ̀ kankan.

"Yéè! Kí ló dé?" Ó sáré lọ wo ẹ̀yìn rẹ̀. "Àǹtí, ó dà bíi pé àwọn súìṣì yìí ti yí. Ọwọ́ ọkọ mi ló tẹ̀ wọ́n. Ẹńjiníà sì ti rìnrìn àjò. Báwo ló ní kí wọ́n wà?"

Mo wà nídìí kọ̀ǹpútà tèmi, n kò yíjú. Ọ̀rọ̀ náà ti dé eyín mi. Mo búra fún yín, ó ti dé eyín. Màmá jókòó, àwọn ọmọ dúró. Kí n ṣáà sọ ọ́ jáde ló kù.

Àsìkò yẹn ni Màmá pè láti inú ilé pé, "Ìyàwó mi àtàtà!"

Mo la ẹnu láti dáhùn.

"Ìyàwó mi àtàtà, ṣé àwọn àlejò rẹ ti dé?"

Kì í ṣe èmi ló ń pè.

"Wọn ò tíì dé, Màmá," ni ìyàwó wa dáhùn. Ó tún bi mí, "Àǹtí, báwo ni?"

Mo ní, "Ẹ̀kíní lókè. Méjì àárín nísàlẹ̀. Ẹ̀kẹrin lókè."

"Ó dá yín lójú?"

"Ìgbà wo ni mo gbàgbé nǹkan rí?"

Ó yọ ìkótí orí rẹ̀ kan, ó fi ṣóńṣó rẹ̀ tò wọ́n bí mo ṣe wí. "Ẹ ṣé, Àǹtí. Ká ní kò sí yín ni!"

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí mo ṣe tan ara mi. Mo ní àwòrán á kàn dàrú lásán. Àlejò á wò ó, wọ́n á ṣe hẹ́ẹ̀, wọ́n á lọ. Ẹńjiníà á dé, á tún un tò, ohunkóhun kò ní bàjẹ́ àyàfi ìgbéraga rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ọmọ náà kò gbéra ga rí. Ní ti súfèé, mo ní bó bá súfèé, á pa á. Mo mọ̀ dájú pé kò sẹ́ni tó sọ fún un pé kó pa á. Èmi ni wọ́n sọ ọ́ fún.

Mo kó bébà mi, mo wọ yàrá inú bí ẹni ń wá nǹkan.

Ni mo gbọ́ ọ.

Ó tín-ín-rín bí abẹ́rẹ́. Ó gba abẹ́ ilẹ̀kùn wọlé, ó wọ eyín mi.

"Kòkòrò wo ló ń ké báyìí?" ni Màmá wí, tó ti fẹsẹ̀ wọ́lẹ̀ dé yàrá iwájú.

"Mi ò mọ̀, Màmá. Ojú rẹ̀ ń yí, ẹ wò ó. Bóyá ó fẹ́ gbóná díẹ̀ kó tó jí."

Ọwọ́ mi wà lára ìlẹ̀kùn. "Pa á." Ọ̀rọ̀ tí mo nílò kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ní màá sọ ọ́ bó bá ké díẹ̀ sí i. Ó ké díẹ̀ sí i. Mo ní àbí wọn ò ní bi mí bí mo ṣe mọ̀? Ó ń ké. Mo rí ọwọ́ Ọkọ Kékeré léjìká ìyàwó rẹ̀ lójú inú mi. Mo pa ẹnu dé.

Ó dún pàù! Súfèé náà dákẹ́. Òórùn rọ́bà jíjó gba yàrá.

"Àǹtí o! Àǹtí!"

Ọkọ rẹ̀ kọ́ ni ìyàwó wa pè. Màmá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ kọ́ ló pè. Èmi ló pè.

Mónítọ̀ tó ti jóná, òórùn jíjó àti ọ̀dà tuntun ni àlejò wá bá. Ọ̀gá náà wo aago ọwọ́ rẹ̀. Obìnrin onítáìlì fẹ́ ràn wá lọ́wọ́, ó ní, "Ṣé kò sí èyí tó o tẹ̀ sórí bébà?" Kò sí. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé tèmi, dúdú nìkan ló mọ̀. Ọ̀gá ní ó ṣeni láàánú, àmọ́ àwọn ní ẹlòmíràn láti rí. Èmi ni mo sìn wọ́n dé ẹnu ọ̀nà. Èmi ni mo tún padà wá di ìyàwó wa mú tó ń sunkún, mò ń sọ fún un pé, "Má sunkún mọ́, nǹkan ẹ̀rọ ni." Ẹ wo irú èèyàn tí mo jẹ́.

Nígbà tí Ẹńjiníà ti ìrìn àjò dé, Ọkọ Kékeré kò jẹ́ kó sọ àpò kalẹ̀. Gbogbo ilé pé ní yàrá iwájú.

"Káàdì jìbìtì lo tà fún wa!"

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ fara balẹ̀ kí n wò ó."

"Wo kí ni? Òórùn rẹ̀ ṣì wà lára ògiri!"

Ẹńjiníà bẹ̀rẹ̀ sẹ́yìn kọ̀ǹpútà. Ó pẹ́ níbẹ̀. Nígbà tó dìde, ó ní, "Ta ló to súìṣì wọ̀nyí?"

"Èmi ni," ni ìyàwó wa wí. "Bí Àǹtí ṣe ní ẹ wí ni mo ṣe tò ó."

Gbogbo ojú yí sọ́dọ̀ mi. Wọn kò fura sí mi o. Bí wọ́n ṣe máa ń wò mí nígbàkigbà tí àríyànjiyàn bá ti délẹ̀ ni wọ́n ń wò mí.

Ọkọ mi ní, "Ìyá Ìrántí, sọ fún wọn. Báwo ni Ẹńjiníà ṣe wí?"

Ẹ ò rí i pé ilẹ̀kùn ṣí fún mi níbẹ̀? Mo lè ní mo ṣì í. Àmọ́ bí mo bá ní mo ṣì í, kí ló tún kù tí mo fi yàtọ̀ nílé yẹn? Aláwọ̀ Mẹ́rìndínlógún ti gba àga Màmá, ó ti gba oníbàárà mi. Ìrántí nìkan ló kù fún mi.

Mo ní, "Bí ó ṣe wí gan-an nìyẹn. Ẹ̀kíní lókè, méjì àárín nísàlẹ̀, ẹ̀kẹrin lókè."

"O ò gbọ́ ọ!" ni Ọkọ Kékeré ké sí Ẹńjiníà. "Ẹni tí kì í gbàgbé ló ń sọ̀rọ̀ yẹn."

Mo rò pé ọkùnrin náà á jà. Kò jà. Ó wo súìṣì, ó wò mí, ó fọwọ́ ra orí. Mo rí i tí kò dá ara rẹ̀ lójú mọ́.

Ó ní, "Bí Ìyá Ìrántí bá ní bẹ́ẹ̀ ni mo wí, a jẹ́ pé ẹnu mi ló ṣì. Àwọn kì í gbàgbé. Ẹ má bínú. Mónítọ̀ kan wà ní ṣọ́ọ̀bù mi, òun ni mo fi ń yẹ kọ̀ǹpútà oníbàárà wò. Màá gbé e wá fún yín."

"Kí ni ìwọ á wá máa fi ṣiṣẹ́?" ni ọkọ mi bi í.

"Màá wá nǹkan ṣe sí i."

Ó ti gbé àpò rẹ̀. Ó ti dé ẹnu ọ̀nà. Kò sí ohun tó tún kù tí yóò tú àṣírí mi.

Màmá ní, "Ẹ dúró ná. Èmi kọ́ ni ẹ̀kíní ni?"

Ẹńjiníà yíjú. "Ẹ̀kíní kí ni, Màmá?"

"Ẹ̀kíní nínú súìṣì. Èmi ni, àbí? Ó fi wá tò ó, mo wà níbẹ̀. Ó ní èmi jókòó, ẹ̀yin yòókù dúró. Mo bi í pé ṣé orúnkún mi burú tó bẹ́ẹ̀ ni, a rẹ́rìn-ín. Ẹńjiníà, ìwọ náà rẹ́rìn-ín. Báwo ni mo ṣe wá dẹni tó dìde?"

Ẹńjiníà sọ àpò rẹ̀ kalẹ̀. "Bẹ́ẹ̀ ni o. Bẹ́ẹ̀ ni o! Ẹ̀kíní nísàlẹ̀, mẹ́ta lókè. Mo sì ní bó bá ń súfèé, kí ẹ pa á lójú ẹsẹ̀!"

Ìyàwó wa nìkan ló sún mọ́ mi. Kò pariwo. Ká ní ó pariwo ni, ì bá sàn fún mi.

"Àǹtí, ó súfèé. Ó súfèé títí. Yàrá inú lẹ wà. Ṣé ẹ ò gbọ́ ni?"

Irọ́ tó wà lẹ́nu mi pọ̀. N kò rí ọ̀kan mú nínú wọn.

Mo ní, "Mo gbọ́."

Ọkọ mi pe orúkọ mi. Kì í ṣe Ìyá Ìrántí. Orúkọ àbísọ mi ló pè, èyí tí n kò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ láti ìgbà tí a ti ṣègbéyàwó. Ó jáde síta. Ọkọ Kékeré ń wo ilẹ̀. Ó lọ di ọwọ́ Ẹńjiníà mú, ó ń bẹ̀ ẹ́.

Màmá ló kù sọ́dọ̀ mi.

"Ọmọ mi, ṣé torí pé mo gbé àga mi ni?"

Mo fẹ́ ní rárá. Omi ojú kò jẹ́.

"O ò sọ fún mi," ni ó wí. "O kàn ní kí n wá jókòó, ò ń rẹ́rìn-ín. Mo rò pé eré ni."

Kí oṣù náà tó parí ni Ọkọ Kékeré àti ìyàwó rẹ̀ kó lọ sí yàrá kan ní òdìkejì ìlú. Kò sẹ́ni tó lé wọn. Ọ̀nà ibi iṣẹ́ rẹ̀ wá jìn sí i, ẹsẹ̀ náà ló sì ń fi rìn ín. Iṣẹ́ táìlì ti bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Màmá gbé àga rẹ̀ padà sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi láìjẹ́ pé mo bẹ̀ ẹ́. Ó ń jókòó síbẹ̀ lójoojúmọ́, n kò sì rí adùn kankan nínú rẹ̀ mọ́. Bí mo bá ka lẹ́tà fún un, á ní, "Ó dáa." Ojú rẹ̀ á wà lára ògiri níbi tí tábìlì kejì wà tẹ́lẹ̀.

Mo máa ń rò tẹ́lẹ̀ pé owú a máa pariwo ni, pé ó máa ń fa aṣọ ya, ó máa ń bú èèyàn lójú pópó. Èyí tó mú mi kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó kọ́ mi ní ẹ̀rín rínrín. Ó fún ọmọlọ́mọ ní orúkọ àpọ́nlé. Nígbà tó wá di ọjọ́ tó fẹ́ lò mí, kò ní kí n gbé ọwọ́ sókè, ó kàn ní kí n má sọ nǹkan kan. Ẹ jọ̀ọ́, bí nǹkan bá ń dùn yín, ẹ sọ ọ́ bó ṣe ń dùn yín gan-an, kódà kó jẹ́ nǹkan tó ń tini lójú bí ọ̀rọ̀ àga. Ó sàn kí wọ́n fi yín ṣẹ̀sín ju kí ẹ dákẹ́ lọ.

Nígbà tó yá, mo ta kọ̀ǹpútà mi. Ọkọ mi kò ní kí n tà á, kò sì ní kí n má tà á. Mo lọ bá Ẹńjiníà, mo bẹ̀ ẹ́, mo ní kó fi owó náà bá mi wá mónítọ̀ aláwọ̀. Ó dárí jì mí kíákíá, ó tilẹ̀ ń bẹ̀ mí pé kí n má wò ó bẹ́ẹ̀. Èmi àti rẹ̀ la jọ gbé e lọ sílé tí wọ́n kó lọ.

Ìyàwó wa ṣí ìlẹ̀kùn. Ó rí mi, ó rí mónítọ̀.

"Ẹ káàbọ̀, Àǹtí. Ẹ wọlé."

Yàrá náà kéré. Kọ̀ǹpútà wà lórí àpótí, ó fi aṣọ bò ó bí ẹni tó ń sùn. Ẹńjiníà so mónítọ̀ mọ́ ọn. Ó bẹ̀rẹ̀ sẹ́yìn rẹ̀, ó ń sọ ọ̀rọ̀ súìṣì, mo rí i tí ojú rẹ̀ fẹ́ ṣáko wá sọ́dọ̀ mi bí ti tẹ́lẹ̀. Ìyàwó wa bẹ̀rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

"Ẹ sọ ọ́ fún èmi. Ẹ sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan sí i." Ó tún un sọ lẹ́yìn rẹ̀ títí tó fi mọ́ ọn lẹ́nu. Ó bi í bí yóò ṣe mọ̀ tó bá fẹ́ bàjẹ́, àti ohun tó yẹ ní ṣíṣe. Ó tún ìyẹn náà sọ.

Lẹ́yìn náà ló nà tán, ó kojú sí mi.

"Àǹtí, mo ti dárí jì yín. Mi ò fẹ́ kí ẹ máa rò ó. Àmọ́ ẹ má bínú, mi ò ní bi yín ní nǹkan mọ́."

Mo ní, "Mo gbọ́."

Ó tan iná. Àwòrán táìlì tí ọ̀gá ilé iṣẹ́ kò rí ló kọ́kọ́ yọ, òdòdó inú òdòdó, etí rẹ̀ búlúù, àárín rẹ̀ pọ́n. N kò tíì wò ó tọkàntọkàn rí láti ọjọ́ tó ti ń yà á. Mo wò ó.

Mo ní, "Ó dára. Ìyàwó, ó dára púpọ̀."

"Ẹ ṣeun, Àǹtí," ló wí. Bí wọ́n ṣe máa ń dá oníbàárà lóhùn ló ṣe dá mi lóhùn.